Gbèsè Wákàtí Mẹ́tàlá: Èrò Olùkọ́ni Kan lórí Yúnìtì àti Àkókò Ìkọ́ni

Ìfáàrà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ẹni tí ó jìn sí kòtò, ó kọ́ ará yòókù lọ́gbọ́n. Èmi ni mo jìn sí kòtò tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ yìí; ẹ̀yin akẹgbẹ́ mi àti ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ tí ẹ ń múra láti di olùkọ́ sì ni ará yòókù. Kì í ṣe tìjà ni mo fi gbé kálámù. N kò bá ìjọba wí, n kò bá àjọ kankan wí, n kò sì ní dárúkọ ilé-ẹ̀kọ́ tí ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹlẹ̀, nítorí pé ọwọ́ ara mi ni mo fi kọ ohun tí mo kọ sórí fọ́ọ̀mù lọ́jọ́ náà. Ọ̀rọ̀ yúnìtì ni, ìyẹn òǹkà tí a máa ń kọ sí ẹ̀gbẹ́ orúkọ kọ́ọ̀sì kọ̀ọ̀kan, tí ó ti mọ́ wa lójú tó bẹ́ẹ̀ tí a kì í bi ara wa léèrè mọ́ pé kí ni ó ń kà gan-an.

Ohun tí ojú mi rí ní Iléṣà

Ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, mo kúrò ní Òṣogbo ní àárọ̀ kùtùkùtù Ọjọ́rú kan, mo forí lé Iléṣà láti lọ ṣe àbẹ̀wò sí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa tí wọ́n wà lẹ́nu ìkọ́ṣẹ́ olùkọ́. Ẹ̀yin náà mọ bí iṣẹ́ yìí ṣe máa ń rí: fáìlì lábẹ́ abíyá, fọ́ọ̀mù ìgbéléwọ̀n nínú báàgì, ilé-ìwé mẹ́ta tàbí mẹ́rin láti dé kí oòrùn tó wọ̀. Ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan tí ó wà ní ìkángun ìlú ni mo kọ́kọ́ yà sí. Bí mo ti ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé kíláàsì kẹrin, mo gbọ́ ohùn kan tí mo mọ̀. Mo yọjú. Ọ̀kan lára àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi àtijọ́ ni. Èmi ni mo kọ́ ọ ní Fonẹ́tíìkì àti Fonọ́lọ́jì Yorùbá ní nǹkan bí ọdún mẹ́fà ṣáájú ìgbà náà. Ó ti gba ìwé-ẹ̀rí NCE, ó ti di olùkọ́, wọ́n sì ti gbà á síṣẹ́. Inú rẹ̀ dùn púpọ̀ láti rí mi. Ó dọ̀bálẹ̀ lójú ẹsẹ̀, àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ dìde, wọ́n fi ohùn kan kí mi, ó sì bẹ̀ mí pé kí n jókòó díẹ̀ kí n wo èso iṣẹ́ ọwọ́ mi.

Mo jókòó sẹ́yìn kíláàsì. Òtítọ́ ni pé ọkùnrin yìí mọ iṣẹ́ olùkọ́ ṣe. Ó mọ orúkọ ọmọ kọ̀ọ̀kan, kò gbé pàṣán lọ́wọ́, ó sì mọ bí a ṣe ń fa ọmọ tí ó ń tòògbé wọ inú ẹ̀kọ́ láìdójú tì í. Ẹ̀kọ́ ọjọ́ náà dá lórí ojú ọjọ́ nílẹ̀ Yorùbá. Ó kọ àkọlé méjì sójú pátákó: “Igbà òjò” àti “Igbà ẹ̀ẹ̀rùn”. Nísàlẹ̀ wọn ni ó kọ gbólóhùn kan sí: “Bàbá mi rà iṣu lọ́jà.”

Àwọn ọmọ náà ka gbogbo rẹ̀ bí ó ti yẹ. Èdè abínibí wọn ni, ẹnu wọn kò lè ṣì í. Ṣùgbọ́n ohun tí ó wà lójú pátákó ni ọwọ́ wọn ń dà kọ sínú ìwé. Wọ́n ń kọ “igbà”, okùn tí akọ̀pẹ fi ń gun ọ̀pẹ, níbi tí ó yẹ kí wọ́n kọ “ìgbà”. Wọ́n ń kọ “rà” olóhùn ìsàlẹ̀ níwájú ọ̀rọ̀-orúkọ tí ó jẹ́ àbọ̀ rẹ̀, níbi tí ó yẹ kí ohùn ọ̀rọ̀-ìṣe náà ti di ohùn àárín, kí wọ́n sì kọ “ra iṣu”. Mo ka orí àwọn ọmọ tí ó wà níjòókòó. Wọ́n jẹ́ 43.

Nígbà tí aago lù tí àwọn ọmọ jáde lọ ṣeré, mo fẹ̀sọ̀ sọ fún un. Kò jiyàn rárá. Ó ṣí kọ́bọ́ọ̀dù, ó sì mú ìwé àkọsílẹ̀ kan jáde tí ẹ̀yìn rẹ̀ ti fàya. Ìwé tí ó fi gba ẹ̀kọ́ lọ́wọ́ mi ni. Àga kan ṣoṣo ni ó wà nínú kíláàsì náà, èmi ni mo sì jókòó lé e. Nítorí náà, ó lóṣòó sí ẹ̀gbẹ́ mi, ó gbé ìwé náà lé orúnkún, ó sì ń ṣí i. Gbogbo ohun tí mo kọ́ wọn ni ó wà níbẹ̀ pẹ̀lú ọjọ́ tí mo kọ́ ọ: àwọn ẹ̀yà ara ìfọ̀, kọ́ńsónáǹtì, fáwẹ́lì, sílébù. Lẹ́yìn náà ni ó ṣí ojú-ewé kan tí a kọ “Àrànmọ́” sí lórí, tí kò sí nǹkan kan lábẹ́ rẹ̀. Ó ṣí òmíràn: “Ìpárójẹ àti Ìsúnkì”. Òfìfo ni. Ó ṣí òmíràn: “Ohùn àti Ìyípadà Ohùn”. Òfìfo. Ó ti da àwọn àkọlé wọ̀nyí kọ sílẹ̀ láti inú ètò kọ́ọ̀sì tí mo pín fún wọn ní ìbẹ̀rẹ̀ sáà.

Ó ní, “Ẹ wò ó, Màmá. Ibi tí a bá a dé nìyí. Mo fi àyè sílẹ̀ nítorí ẹ ní ẹ ń bọ̀ wá parí rẹ̀.”

Kò sọ ọ́ bí ẹni tí ó ń fẹ̀sùn kan ènìyàn. Bí ẹni tí ó ń ṣàlàyé ibi tí iṣẹ́ oko rẹ̀ dúró sí ni ó ṣe sọ ọ́. Èyí gan-an ni ó wọ̀ mí lákínyẹmí ara.

Ìṣirò tí mo ṣe lálẹ́ ọjọ́ náà

Nígbà tí mo padà dé Òṣogbo, mo wá ìwé ìmúrasílẹ̀ ẹ̀kọ́ mi ti sáà náà rí nínú àpótí. Kọ́ọ̀sì oníyúnìtì 2 ni Fonẹ́tíìkì àti Fonọ́lọ́jì. Gẹ́gẹ́ bí a ṣe ń kà á, yúnìtì 1 dúró fún wákàtí 1 ìkọ́ni lọ́sẹ̀ fún odidi sáà ọ̀sẹ̀ 15. Yúnìtì 2, nítorí náà, jẹ́ wákàtí 30. Mo mú bírò, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í yọ ohun tí ó ti lọ.

Ọ̀sẹ̀ 2 àkọ́kọ́ bá ìforúkọsílẹ̀ lọ. Kò sí akẹ́kọ̀ọ́ ní kíláàsì, èmi náà kò sì lọ. Wákàtí 4 nìyẹn. Ìsinmi ìjọba kan bọ́ sí ọjọ́ kíláàsì mi: wákàtí 2. Ayẹyẹ ìgbaniwọlé gba ọjọ́ mìíràn: wákàtí 2. Mo lọ sí àpérò àwọn onímọ̀ èdè: wákàtí 2. Wọ́n fa ìdánwò síwájú ní ọ̀sẹ̀ kan: wákàtí 2. Ọjọ́ kan tún wà tí òjò ń lu páànù tó bẹ́ẹ̀ tí n kò gbọ́ ohùn ara mi, a sì tú ká ní àbọ̀ ẹ̀kọ́: wákàtí 1. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ 13. Wákàtí 17 péré ni mo kọ́ nínú 30, èyí tí kò pé 57 nínú ọgọ́rùn-ún.

Bí a bá tún fẹ́ wò ó fínnífínní, wákàtí tí a ń pè ní wákàtí nínú kíláàsì wa kì í sábà pé ìṣẹ́jú 60. Kíláàsì kan ní láti jáde kí òmíràn tó wọlé. A ó nu pátákó, a ó pe orúkọ. Bí ìṣẹ́jú 10 péré bá lọ nínú wákàtí kọ̀ọ̀kan, kọ́ọ̀sì oníwákàtí 30 ti pàdánù ìṣẹ́jú 300, ìyẹn wákàtí 5, láìsí ẹni tí ó pa kíláàsì jẹ. N kò tilẹ̀ ka èyí mọ́ gbèsè mi.

Fọ́ọ̀mù kan wà tí a máa ń kọ nǹkan sí ní ìparí sáà. Ìbéèrè kan wà lórí rẹ̀: ǹjẹ́ a ti kọ́ ètò kọ́ọ̀sì náà parí? Ẹ̀dà tèmi wà nínú fáìlì. Mo ti kọ “Bẹ́ẹ̀ ni” síbẹ̀, mo sì ti fọwọ́ sí i. Ohun tí ó wà lọ́kàn mi nígbà tí mo kọ ọ́ ni pé mo ti sọ fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ pé kí wọ́n lọ ka ìyókù fúnra wọn.

Òfin tí ó wọ́pọ̀ ní ilé-ẹ̀kọ́ wa gbogbo ni pé akẹ́kọ̀ọ́ tí kò bá wá sí kíláàsì dé ìwọ̀n 75 nínú ọgọ́rùn-ún kò gbọdọ̀ ṣe ìdánwò. Nínú wákàtí 30, wákàtí 22 àti ààbọ̀ ni èyí. Mo ti fi òfin yìí lé akẹ́kọ̀ọ́ jáde rí, obìnrin kan tí ó ń tọ́ ọmọ lọ́wọ́. Bí wọ́n bá fi òṣùwọ̀n kan náà wọn èmi olùkọ́ rẹ̀, n kò ní lè wọ gbọ̀ngàn ìdánwò.

Ọkùnrin tí ó lóṣòó sí ẹ̀gbẹ́ mi ní Iléṣà gba C nínú kọ́ọ̀sì náà. C jẹ́ 3. 3 lọ́nà yúnìtì 2 jẹ́ 6. Ohun tí ó wọ àkójọ èsì rẹ̀ nìyẹn, bí ẹni pé wákàtí 30 ni ó ti gbà.

Ibi tí òṣùwọ̀n náà ti wá

Kì í ṣe àwọn baba wa ni ó fi òṣùwọ̀n yìí lé wa lọ́wọ́. Ẹni tí ó ń kọ́ aró rírẹ ní Òṣogbo kì í ka wákàtí. Ìyá tí ó ń kọ́ ọ níṣẹ́ ni ó ń wo ọwọ́ rẹ̀. Ọjọ́ tí aṣọ bá gba aró dáadáa lọ́wọ́ rẹ̀ láìsí ìrànlọ́wọ́ ni ó mọ̀ ọ́n. Bí ó bá gba ọdún mẹ́ta, ó gba ọdún mẹ́ta náà nìyẹn. Ilé-ẹ̀kọ́ tí ó ní ọgọ́rọ̀ọ̀rún akẹ́kọ̀ọ́ kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Ó nílò òǹkà tí àwọn tí kò sí nínú kíláàsì náà yóò lè kà.

Ìtàn bí òǹkà náà ṣe bẹ̀rẹ̀ yẹ ní mímọ̀ fún olùkọ́. Ní ọdún 1905, Andrew Carnegie, ọlọ́rọ̀ tí ó fi iṣẹ́ irin là ní Amẹ́ríkà, fi mílíọ̀nù 10 dọ́là lélẹ̀ kí a máa fi san owó ìfẹ̀yìntì fún àwọn olùkọ́ yunifásítì. Àwọn tí ó ń bójú tó owó náà ní láti mọ ilé-ẹ̀kọ́ tí ó tó ilé-ẹ̀kọ́ gíga ní tòótọ́. Lára ohun tí wọ́n béèrè ni pé kí ó má gba ẹni tí kò bá ní yúnìtì 14 láti ilé-ìwé girama, wọ́n sì ṣàlàyé yúnìtì kan gẹ́gẹ́ bí nǹkan bíi wákàtí 120 lọ́dọ̀ olùkọ́ lórí iṣẹ́ kan láàárín ọdún kan. Ní ọdún 1910, Morris Cooke tí ó jẹ́ ẹnjiníà kọ ìròyìn fún àjọ kan náà, ó sì dábàá pé kí àwọn yunifásítì náà máa fi wákàtí akẹ́kọ̀ọ́ wọn iṣẹ́ wọn. Bí a ṣe máa tọ́jú olùkọ́ tí ó ti darúgbó ni ó bí òṣùwọ̀n tí a fi ń wọn ẹ̀kọ́ ọmọ títí di òní.

Yunifásítì Nàìjíríà ní Nsukka, tí ó ṣílẹ̀kùn ní ọdún 1960 pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ Michigan State University, wà lára àwọn ọ̀nà tí ìlànà ilẹ̀ Amẹ́ríkà gbà wọlé sí ọ̀dọ̀ wa. Ní ọdún 1989 ni wọ́n dá NCCE sílẹ̀, àjọ tí ó ń bójú tó àwọn kọ́lẹ́ẹ̀jì ẹ̀kọ́ olùkọ́ni ní Nàìjíríà. Láti ìgbà náà, ìwé ìlànà rẹ̀ ni ó ń sọ iye yúnìtì tí kọ́ọ̀sì kọ̀ọ̀kan yóò ní. Ní yunifásítì, a máa ń ka yúnìtì 1 sí wákàtí 15 bí ó bá jẹ́ ìdánilẹ́kọ̀ọ́, tàbí wákàtí 45 bí ó bá jẹ́ iṣẹ́ àfọwọ́ṣe. Ẹ̀yin tí ẹ ó kọ́ni ní ilé-ìwé girama náà lè ṣe ìṣirò tiyín. Bí ẹ̀kọ́ kan bá jẹ́ ìṣẹ́jú 40, mẹ́ta rẹ̀ lọ́sẹ̀ jẹ́ ìṣẹ́jú 120, ìyẹn wákàtí 2. Fún ọ̀sẹ̀ 12, wákàtí 24 ni.

Òṣùwọ̀n náà kò rí bákan náà níbi gbogbo, gẹ́gẹ́ bí kóńgò ọjà kan kò ṣe bá ti ọjà mìíràn mu. Ọmọ wa tí ó bá gbé èsì rẹ̀ lọ sí ìlú Lọ́ńdọ̀nù yóò rí i pé wákàtí 10 ni wọ́n ń kà sí ẹyọ kan níbẹ̀, wọ́n sì ka àkókò tí akẹ́kọ̀ọ́ fi dá kàwé nílé mọ́ ọn. Ẹyọ 120 ni ọdún kan ní yunifásítì. Ní ọ̀pọ̀lọpọ̀ orílẹ̀-èdè Yúróòpù yòókù, ẹyọ 60 ni ọdún kan, ọ̀kọ̀ọ̀kan sì jẹ́ wákàtí 25 sí 30. Kò sí ohun tí ó burú nínú kí kóńgò yàtọ̀ síra, níwọ̀n ìgbà tí olùrajà bá mọ èyí tí wọ́n fi wọn ọjà fún un. Èyí tí ó burú ni kóńgò tí wọ́n ti lù nídìí. Ojú rẹ̀ fẹ̀ bí ó ti yẹ, ó sì kún dé ẹnu, ṣùgbọ́n gàrí inú rẹ̀ kò pé. Kóńgò tí wọ́n lù nídìí ni yúnìtì 2 tí mo fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi.

Kì í sì í ṣe ọwọ́ wa ni ó ń dúró sí. Ẹni tí ó gba NCE lè wọ yunifásítì ní ìpele 200, nítorí wọ́n gbà pé ó ti ṣe iṣẹ́ ọdún kìíní tán. Àwọn kan ń lọ sí ọgbà Yunifásítì Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun ní Ìpetu-Ìjẹ̀ṣà láti kẹ́kọ̀ọ́ sí i nínú iṣẹ́ olùkọ́. Kọ́lẹ́ẹ̀jì ẹ̀kọ́ olùkọ́ni ti Iléṣà fúnra rẹ̀ ni ìjọba ìpínlẹ̀ fi òfin sọ di yunifásítì ní ọdún 2022. Gbogbo àwọn tí ó ń gba àwọn ọmọ wọ̀nyí wọlé kò wà nínú kíláàsì wa. Òǹkà tí a kọ ni wọ́n gbà gbọ́. Ọ̀rọ̀ tí Gẹ̀ẹ́sì fi ń pe yúnìtì yìí, “credit”, inú ọ̀rọ̀ Látìnì tí ó túmọ̀ sí gbígbàgbọ́ ni ó ti wá.

Àríyànjiyàn akẹgbẹ́ mi

Mo sọ ọ̀rọ̀ yìí fún akẹgbẹ́ mi kan tí mo bọ̀wọ̀ fún. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní wákàtí kì í ṣe ìmọ̀, pé ẹnìkan lè jókòó fún wákàtí 30 kí ó má mọ nǹkan kan, kí ẹlòmíràn sì mọ gbogbo rẹ̀ ní wákàtí 5. Òtítọ́ ni. Àjọ Carnegie pàápàá, nínú ìwádìí tí ó gbé jáde ní ọdún 2015 lórí yúnìtì tí ó bí, sọ pé wọn kò dá a sílẹ̀ láti fi wọn ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ mọ̀. Síbẹ̀, kò dábàá pé kí a kàn sọ ọ́ nù, nítorí pé ó ń rí i pé akẹ́kọ̀ọ́ gbogbo ní àǹfààní dọ́gbadọ́gba láti rí olùkọ́.

Ibi tí èmi náà dúró sí nìyẹn. Wákàtí kì í ṣe ìmọ̀, ṣùgbọ́n òun ni àyè tí ìmọ̀ lè gbà wọlé. Fún ọmọ tí ó ní ìwé nílé, tí ó ní iná mọ̀nàmọ́ná, tí ó lè wá ohun gbogbo lórí íntánẹ́ẹ̀tì, wákàtí mi tí ó sọnù lè má dùn ún púpọ̀. Fún akẹ́kọ̀ọ́ tí ìwé àkọsílẹ̀ rẹ̀ nìkan ni ìwé tí ó ní, ohun tí n kò bá sọ, kò sí níbòmíràn. Ìyípadà ohùn kì í sì í ṣe ohun tí a lè sọ pé kí ẹnìkan lọ dá kà. Etí ni a fi ń gbọ́ ọ, ọwọ́ ni a fi ń kọ ọ́, ẹlòmíràn ni ó sì gbọ́dọ̀ sọ fún ni pé a ti ṣì í. Nínú ètò kọ́ọ̀sì mi, ọ̀sẹ̀ 3 tí ó kẹ́yìn ni mo yà sọ́tọ̀ fún kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan jáde wá kọ gbólóhùn sójú pátákó kí àwọn yòókù yẹ̀ ẹ́ wò. Àwọn ọ̀sẹ̀ wọ̀nyẹn gan-an ni n kò dé.

Ẹ jẹ́ kí a fi ojú kan náà wo ètò àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí wọ́n ń kàwé ní ìgbà ìsinmi gígùn, tí wọ́n ń fi iṣẹ́ ṣe alábàápín ẹ̀kọ́. Bí a bá fún kọ́ọ̀sì oníyúnìtì 2 ní ọ̀sẹ̀ 5, wákàtí 6 ni olùkọ́ gbọ́dọ̀ kọ́ lọ́sẹ̀. Èyí ṣe é ṣe. Ṣùgbọ́n bí akẹ́kọ̀ọ́ bá forúkọ sílẹ̀ fún yúnìtì 20, wákàtí 300 ni. Pín in sí ọ̀sẹ̀ 5, ó di wákàtí 60 lọ́sẹ̀. Pín in sí ọjọ́ 5, ó di wákàtí 12 lójúmọ́, kí ó tó jẹun, kí ó tó ka ohunkóhun fúnra rẹ̀. Ẹni tí ó bá fọwọ́ sí irú ìwé bẹ́ẹ̀ láìṣe ìṣirò yìí ti fọwọ́ sí ohun tí ara ènìyàn kò lè gbé.

Òṣómàáló

Iléṣà ni ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀, ẹ jẹ́ kí n padà síbẹ̀. Gbogbo wa ni a mọ ìtàn àwọn Òṣómàáló, àwọn oníṣòwò aṣọ ará Ìjẹ̀ṣà tí wọ́n ń ru ẹrù káàkiri ìlú àti ìletò jákèjádò ilẹ̀ Yorùbá àti lókè lọ́hùn-ún, tí wọ́n ń ta aṣọ láwìn, tí wọ́n sì ń padà wá gba owó wọn díẹ̀díẹ̀. Bí onígbèsè bá ń fi òní dónìí, fi ọ̀la dọ́la, òṣó ni wọn yóò ló síwájú ilé rẹ̀ títí yóò fi sanwó. Ibẹ̀ ni orúkọ náà ti wá. Àwọn kan máa ń fi orúkọ yìí ṣe yẹ̀yẹ́, ṣùgbọ́n òwò náà dúró lórí ohun ńlá kan: ẹni tí ó ń tà láwìn ti kọ́kọ́ gbà pé ẹni tí ó ń rà yóò san. Aṣọ ti kúrò lọ́wọ́ rẹ̀ kí owó tó wọlé.

Bẹ́ẹ̀ ni akẹ́kọ̀ọ́ wa rí. Ó ti san owó ilé-ẹ̀kọ́, ó ti fi ọdún mẹ́ta ayé rẹ̀ lélẹ̀ kí ó tó mọ ohun tí a óò fún un. Ọkùnrin tí ó lóṣòó sí ẹ̀gbẹ́ mi nínú kíláàsì kẹrin kò mọ̀ pé òun ń ṣe ohun tí àwọn baba òun ṣe. Àga ni kò sí. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo rántí bí ó ṣe lóṣòó pẹ̀lú ìwé òfìfo lórí orúnkún, mo mọ̀ pé gbèsè mi ni ó wá gbà.

Mo pè é lórí fóònù ní ọ̀sẹ̀ kejì. Mo ní bí ó bá lè rí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tí wọ́n ń kọ́ni ní agbègbè Iléṣà, mo fẹ́ wá parí kọ́ọ̀sì náà. Ó dákẹ́ díẹ̀, ó wá ní, “Màmá, ṣé kò ní ni yín lára?” Mo ní kò ní ni mí lára. Àwọn 5 ni wọ́n wá. Kíláàsì kẹrin náà ni a ń lò, ní Ọjọ́ Àbámẹ́ta, wákàtí 2 lẹ́ẹ̀kan. Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni mo lọ, mo sì lọ ní ẹ̀ẹ̀keje fún wákàtí 1 tí ó kù. Ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn jáde wá sójú pátákó: igbá, igba, ìgbà, ìgbá, igbà. Ó rà á. Ó ra iṣu. A jiyàn, a rẹ́rìn-ín, a pa á rẹ́, a tún un kọ. Kò sí máàkì tí ó yí padà, kò sì sí ìwé-ẹ̀rí tí wọ́n gbà. Ní ọjọ́ tí ó kẹ́yìn, ọkùnrin náà fi ojú-ewé rẹ̀ hàn mí. Gbogbo wọn ti kún.

Ṣùgbọ́n akẹ́kọ̀ọ́ 61 ni orúkọ wọn wà nínú ìwé mi ní sáà náà. N kò mọ ibi tí àwọn 56 yòókù wà. Olùkọ́ ni ọ̀pọ̀ nínú wọn báyìí, wọ́n sì dúró síwájú pátákó níbìkan bí mo ti ń kọ èyí.

Àgbálọgbábọ̀

Ẹ̀yin akẹgbẹ́ mi, n kò sọ pé a lè dá òjò dúró, tàbí kí a fòfin de ìsinmi, tàbí kí a mọ ọjọ́ tí wọn yóò ti ilé-ẹ̀kọ́ pa. Gbogbo wa rí ọdún 2020 nígbà àrùn Kòrónà. Ohun tí ó wà ní ìkáwọ́ wa kò pọ̀, ṣùgbọ́n ó wà. Èkíní, ẹ jẹ́ kí a máa ka wákàtí, kì í ṣe ọ̀sẹ̀. Ọ̀sẹ̀ lè kọjá láìsí ẹ̀kọ́ nínú rẹ̀. Èkejì, ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ kò lè dá kọ́ ni kí a kọ́kọ́ kọ́, kí ó má bọ́ sí ìparí sáà tí ohun gbogbo ń já lulẹ̀. Ẹ̀kẹta, bí a kò bá parí, ẹ jẹ́ kí a kọ iye wákàtí tí a kọ́ síbẹ̀ bí ó ti rí. Olórí ẹ̀ka tí ó bá rí 17 lórí ìwé lè wá àyè fún 13 tí ó kù. Kò sí ohun tí ó lè ṣe sí “Bẹ́ẹ̀ ni”.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ má ṣe rò pé ìwà àfojúdi ni kí ẹ fi ọ̀wọ̀ rán olùkọ́ yín létí ohun tí ó kù. Ẹ máa fi àyè sílẹ̀ nínú ìwé yín, ẹ sì máa kọ àkọlé rẹ̀ sókè.

Ní tèmi, mo máa ń kọ òǹkà méjì sí igun pátákó báyìí ní ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ kọ̀ọ̀kan: iye wákàtí tí ó yẹ kí a ti lò, àti iye tí a ti lò. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ náà ti mọ̀ ọ́n. Bí mo bá gbàgbé, wọn yóò rán mi létí. Ọ̀sẹ̀ kẹwàá nìyí ní sáà yìí. Ó yẹ kí a ti lo wákàtí 20. A ti lo 19. Mo jẹ wọ́n ní 1, mo sì ti sọ fún wọn pé Ọjọ́bọ̀ ni màá san án.